Orúkọ Tí Salome Kò Pè Rí

Bí wọ́n bá jí ewúrẹ́ èèyàn gbé, ó lè gbọ́ igbe rẹ̀ lẹ́yìnkùlé ẹlòmíràn. Bí wọ́n bá jí aṣọ rẹ̀, ó lè rí i lọ́rùn olè lọ́jọ́ ọdún. Ẹni tí wọ́n jí orúkọ rẹ̀ gbé ńkọ́? Níbo ni yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í wá a? Ta ni yóò bá a wá a, nígbà tí kò sẹ́ni tó lè pè é?

Ohun tí Salome aránṣọ ń rò nìyẹn bó ṣe jókòó ti ọkọ rẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì ilé ìwòsàn kékeré kan ní Otokiti, tí oòrùn Lọ́kọ́ja ń yan páànù lókè orí wọn bí ẹni ń yan àgbàdo. Gbogbo ẹni tí wọ́n bá níbẹ̀ ti wọlé, wọ́n ti jáde. Àwọn tó dé lẹ́yìn wọn pàápàá ti gba oògùn, wọ́n ti gun ọ̀kadà lọ. Nọ́ọ̀sì á yọjú, á wo orí bẹ́ǹṣì, ojú rẹ̀ á sì fo ọkùnrin náà kọjá bí ẹni pé ògiri lásán ló wà níbẹ̀.

"Sísítà, àwa ló kàn o," ni Salome wí.

"Àwa wo, Mà? Ara yín ni kò yá ni?"

"Ọkọ mi ni. Òun rèé."

Nọ́ọ̀sì wo ibi tó nawọ́ sí. Ó wò ó títí. Lójijì ó fò sẹ́yìn díẹ̀, bí ẹni tí wọ́n jí lójú oorun. "Háà! Bàbá, ẹ má bínú o. Mi ò rí yín. Kí ni orúkọ wọn, Mà, kí n wá káàdì wọn?"

Orúkọ náà wà lẹ́nu Salome. Lábẹ́ ahọ́n rẹ̀ ló wà, ó móoru, ó dùn, bó ṣe wà níbẹ̀ láti ìgbà èwe rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyá tó bí i ní Kàbà ti kọ́ ọ pé ọmọ ilé rere kì í la ẹnu pe orúkọ ọkọ rẹ̀. Ẹnu rẹ̀ kò mọ ọ̀nà ibẹ̀.

"Bàbá Goodness ni," ló fi dáhùn.

Nọ́ọ̀sì rẹ́rìn-ín. "Tilé nìyẹn, Mà. Orúkọ gidi ni mo ń bèèrè. Bàbá, ẹ̀yin ẹ sọ ọ́. Kí ni orúkọ yín?"

Ọkùnrin náà gbé ojú sókè. "Orúkọ mi ni..." Ó dúró. Òógùn bo iwájú orí rẹ̀. Ó wo àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ ọ̀tún, ó wo tòsì, bí ẹni pé ẹnì kan ti kọ ọ́ síbẹ̀ fún un. "Orúkọ mi..."

Ó yíjú sí ìyàwó rẹ̀, omijé sì lé ròrò sí ojú rẹ̀.

"Ìyá Goodness, kí ni orúkọ mi?"

*

Ẹ̀yin ò mọ irú ọkùnrin tí ọkọ Salome jẹ́ tẹ́lẹ̀. Bí ẹ bá mọ̀ ọ́n rí, ẹ̀yin náà ìbá ti gbàgbé rẹ̀.

Nígbà tí paramọ́lẹ̀ ń pa àwọn àgbẹ̀ Ọ̀wọ́rọ̀ nínú oko iṣu, tí àwọn tó kàwé sì ń sọ pé àfi kí a dúró de abẹ́rẹ́ láti òkè òkun, òun ni ọ̀dọ́mọkùnrin tó háyà yàrá kan ṣoṣo, tó kó ejò láàyè sínú àpótí, tó ń fún oró wọn sínú ìgò bí ẹni ń fún wàrà màlúù. Ewé kan tẹ̀lé òmíràn ló ń dán wò, títí ó fi kan èyí tó ń hù létí omi níbi tí Odò Ọya àti Bẹ́núé ti pàdé. Sàláhúdéènì, àgbẹ̀ kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ti dúdú dé orúnkún, ni ẹni àkọ́kọ́ tó mu omi ewé náà. Ẹsẹ̀ yẹn kan náà ló fi rìn padà sóko.

Ọ̀rẹ́ kan ń bá a fọ ìgò nínú yàrá náà. Christopher lorúkọ tirẹ̀. Òun ni gbogbo ayé mọ̀ lónìí.

Inú yàrá ejò yẹn ni ìṣó ti fa kóòtù funfun ọkùnrin náà ya, tó fi gbé e lọ sí ṣọ́ọ̀bù tí Salome ti ń kọ́ṣẹ́ ìránṣọ. Omidan rògbòdò ni Salome nígbà náà, téèpù lọ́rùn, ṣọ́ọ̀kì lọ́wọ́.

"Bùrọ̀dá, kí ni orúkọ yín? Mo fẹ́ kọ ọ́ sínú kọ́là kó má baà pòórá láàárín aṣọ àwọn ẹlòmíràn."

Ọkùnrin náà sọ ọ́. Salome kọ ọ́. Nígbà tó gbé ojú sókè, ojú wọn ṣe mẹ́rin, ọkàn rẹ̀ sì tàkìtì bí ẹja nínú àwọ̀n.

"Ó yá, pè é kí n gbọ́," ni ọkùnrin náà wí, "kí n mọ̀ bóyá o kọ ọ́ dáadáa."

"Rárá o. Ojú ń tì mí."

"Ọjọ́ wo ni ojú ò ní í tì ọ́ mọ́?"

Salome fi kóòtù náà bo ẹnu. "Ọjọ́ tí ìfẹ́ yín bá pa ìtìjú mi ni."

Ọ̀rọ̀ yẹn di eré láàárín àwọn méjèèjì. Nínú ṣọ́ọ̀ṣì, nígbà tí àlúfáà ní kí ìyàwó pe orúkọ ọkọ kó sì jẹ́ ẹ̀jẹ́, ètè Salome nìkan ló mì, ohùn kò jáde, gbogbo ìjọ sì fi ẹ̀rín bọnu. Lálaalẹ́ ni ọkọ rẹ̀ máa ń bẹ̀ ẹ́, "Ẹ̀ẹ̀kan péré, Salome mi." Salome á fi ìrọ̀rí lù ú. Wọ́n bí Goodness, ó di Bàbá Goodness, ọ̀rọ̀ sì parí síbẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni Christopher wọkọ̀ ojú omi lọ sí òdìkejì odò nígbà ẹ̀ẹ̀rùn kan. Ohun tó bá bọ̀, ẹnì kankan ò mọ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀ ni gbogbo èèyàn rí, tí wọn ò sì rí i. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ń kọ́ níṣẹ́ oògùn ló kọ́kọ́ gbàgbé orúkọ ọkọ Salome. Ó kan àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ó kan ìyá rẹ̀, tó kú pẹ̀lú ọwọ́ ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́, tó ń pè é ní "ìwọ ọmọ yìí, ìwọ ọmọ yìí." Ikán jẹ ìwé ẹ̀rí rẹ̀ lára ògiri, ibi tí orúkọ wà gan-an ni wọ́n jẹ, wọn ò fọwọ́ kan ibòmíràn. Ìgò oògùn ejò wá jáde pẹ̀lú àwòrán Christopher lára rẹ̀, Sàláhúdéènì pàápàá sì sọ ní rédíò pé Ọ̀jọ̀gbọ́n Christopher ló wo ẹsẹ̀ òun sàn.

Gbogbo ẹnu tó ti pe orúkọ yẹn rí ló ń pàdánù rẹ̀. Bí orúkọ ṣe ń lọ, bẹ́ẹ̀ ni ojú àwọn èèyàn ń fo ẹni tó ni ín.

Lọ́jọ́ tí wọ́n ti ilé ìwòsàn dé, Salome rò pé ọgbọ́n ti wá. Bí òun ò bá lè pè é, òun lè kọ ọ́. Ó kọ ọ́ gàdàgbà sórí tákàdá, ó nà án sí Goodness tó yà kí wọn láti ibi iṣẹ́ ìjọba. Ọmọ tó ti ń fi orúkọ bàbá rẹ̀ ṣe orúkọ ìdílé láti jẹ́léósinmi!

Goodness yí tákàdá náà síwá, ó yí i sẹ́yìn. "Mummy, kò sí nǹkan kan níbí o." Ó wá fi ohùn jẹ́jẹ́ bèèrè, ó ń wo igun yàrá, "Mummy, ẹ má bínú. Bàbá tó jókòó síbẹ̀ yẹn, ta ni wọ́n?"

*

Ní Adankolo, lẹ́yìn ilé tuntun gogoro tí àwọn kunlékunlé ń kùn lọ́dà funfun, àgbá dúdú kan wà lábẹ́ igi máńgòrò. Ilé Ìwádìí Oògùn Ejò ni wọ́n ń pe ilé náà, wọ́n sì fẹ́ ṣí i lọ́jọ́ Àbámẹ́ta. Ẹnì kankan kì í sún mọ́ àgbá yẹn àfi Ọ̀jọ̀gbọ́n Christopher fúnra rẹ̀. Ọ̀sán gangan, nígbà tí òjìji bá sá sábẹ́ ẹsẹ̀, ló máa ń gbé ẹ̀dọ̀ tútù wá, tó ń jù ú sínú omi.

Ẹja àrọ̀ kan ló wà nínú rẹ̀. Kò ju ìka lọ nígbà tí wọ́n fún un ní ohun tó gbé mì. Ó ti gùn tó apá ọkùnrin báyìí, irunmú rẹ̀ gùn bí okùn bàtà.

Lọ́sàn-án ọjọ́ yìí, ẹja náà kọ ẹ̀dọ̀. Ó yọ orí sókè omi, ó la ẹnu, ó pa á dé. Ó tún là á. Bí ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀ ló rí.

Ara Christopher bu máṣọ. Ó pe ọkùnrin tó lọ bá ní òdìkejì odò nígbà ẹ̀ẹ̀rùn yẹn lórí fóònù.

"Ẹnu kan ṣẹ́kù," ni ọkùnrin náà wí.

"Irọ́ ni. Ìyá rẹ̀ ti kú. Ọmọ rẹ̀ ò dá a mọ̀ mọ́. Èmi fúnra mi, bí o bá fi ọ̀bẹ sí mi lọ́rùn, mi ò rántí."

"Ìyàwó rẹ̀ ńkọ́?"

Christopher bú sẹ́rìn-ín. "Ìyàwó! Ìyàwó wo ni kì í pe ọkọ rẹ̀? Sharon tèmi, 'Chris' láti òwúrọ̀ dalẹ́ ni, àgàgà tí inú bá ń bí i."

Ọkùnrin náà pòṣé. "Ọ̀jọ̀gbọ́n, ìwé tí o kà yìí pọ̀ o. Ṣé o ò gbé ọ̀dọ̀ ìyá rẹ rí ni? Ìwọ kò gbọ́ bí ìyá rẹ ṣe ń pe bàbá rẹ?"

Ẹ̀dọ̀ jábọ́ lọ́wọ́ Christopher.

"Mú kó pè é," ni ohùn inú fóònù wí. "Ibi yòówù kó ti pè é, kó ṣáà ti má jẹ́ lórí omi àgbá yẹn ní etígbọ̀ọ́ ọkọ rẹ̀. Bó bá pè é dànù sáfẹ́fẹ́, ó tán. Ọkọ rẹ̀ á dìde lọ́jọ́ náà, á rìn wọ odò lọ, kò ní í sí ẹni tó máa bèèrè rẹ̀."

*

Ìsàlẹ̀ Òkè Pátì, ní abúlé Ọ̀wọ́rọ̀ kan, ni Ìyá Mọ̀ríámọ̀ ń gbé, arúgbó tó ń tọ́jú àwọn tí nǹkan inú òkùnkùn bá gbá. Tẹ̀súbáà wà lọ́wọ́ rẹ̀ nígbà tí Salome wọlé. Igbá omi kan wà níwájú rẹ̀. Bí Salome ṣe fìdí kan ẹní báyìí, omi inú igbá náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n.

"Okun o, ọmọ mi," ni arúgbó náà fi kí i. "Pa ẹnu dé. Má tíì sọ ohunkóhun. Ohun tó wà lẹ́nu rẹ wúwo jù."

Omijé ni Salome fi dá a lóhùn.

Arúgbó náà wo omi. Ojú rẹ̀ dàrú, ó yẹ ojú kúrò, ó tún wò ó. "Bísímílà. Ẹja ni wọ́n fún ní orúkọ ọkọ rẹ jẹ. Wọ́n á ṣí ilé kan lábẹ́ oòrùn, ẹja yẹn wà lẹ́yìn rẹ̀. Bí ẹ bá pa á, ọkọ rẹ á kú pẹ̀lú rẹ̀. Ẹja náà fúnra rẹ̀ ló gbọ́dọ̀ pọ̀ ọ́. Ẹnu tí kò pe orúkọ náà rí ló gbọ́dọ̀ pè é sí i lórí, kí olórúkọ sì gbọ́."

"Ìyá, èmi ò pè é rí."

"Mo mọ̀. Wọ́n gbàgbé ọ lẹ́yìn nígbà tí wọ́n ń tilẹ̀kùn." Ó di ọwọ́ Salome mú. Ọwọ́ rẹ̀ tutù bí ìkòkò àmù. "Ṣùgbọ́n gbọ́, ọmọ mi. Ẹja yẹn ò ní í fi ikùn òfo lọ. Àwọn yòókù ń pè é díẹ̀díẹ̀, wọ́n ń gbàgbé díẹ̀díẹ̀. Ìwọ kó gbogbo rẹ̀ pa mọ́ láti ìgbà ọmọge. Lẹ́ẹ̀kan náà ni ìwọ máa san án. Orúkọ, ojú, ìfẹ́, ibùsùn, gbogbo rẹ̀. Ọkọ rẹ á padà sáyé. Ìwọ ò ní í mọ̀ ọ́n."

Salome kígbe. Ó wólẹ̀, ó fi orí gbálẹ̀. "Ìyá, ẹ wá ọ̀nà mìíràn! Ẹ gba ẹ̀rọ ìránṣọ mi. Ẹ gba ojú mi kan."

"Bí ọ̀nà mìíràn bá wà, ṣé màá jẹ́ kí o sunkún nílé mi?"

Arúgbó náà jẹ́ kó sunkún tán kó tó sọ ìyókù. Kó lọ sójú omi lọ́jọ́ ìṣílé náà. Kó bu omi ibi tí odò pupa àti odò dúdú ti ń sáré pọ̀ láìdàpọ̀. Kó há a sẹ́nu. Kò gbọdọ̀ gbé e mì, kò gbọdọ̀ tu ú, kò gbọdọ̀ kí ẹnikẹ́ni, títí á fi dé orí àgbá.

*

Ọ̀jọ̀gbọ́n Christopher kò dúró de Àbámẹ́ta. Ó wá sí ṣọ́ọ̀bù Salome pẹ̀lú ẹ̀rín àti aṣọ léèsì.

"Ìyàwó wa! Ó pẹ́ tí a ti rí ara wa o."

"Ẹ káàbọ̀, ọ̀rẹ́ ọkọ mi." Salome kúnlẹ̀ díẹ̀, ó ti mọ ẹni tó ni ilé tí wọ́n fẹ́ ṣí náà. Ọkọ rẹ̀ wà ní yàrá ẹ̀yìn, ó ń sùn.

"Wò ó, ẹ̀rí ọkàn ń jẹ mí." Christopher jókòó. "Ọkọ rẹ ṣe gudugudu méje. Mo fẹ́ kí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sára ògiri ilé tuntun yẹn, gàgàrà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ tèmi. Akọ̀wé ògiri wà lórí àkàbà bí mo ṣe ń bá ọ sọ̀rọ̀ yìí. Sọ ọ́ fún mi kí n pè é. Báwo ni wọ́n ṣe ń pè é gan-an ná?"

Ó yọ áńkáṣíìfù, ó gbọ̀n ọ́n pẹ́rẹ́. Òórùn kan jáde, bí òórùn odò nígbà tí omi bá ń fà. Orúkọ náà dìde lábẹ́ ahọ́n Salome. Ó ń yún un. Ó kan eyín rẹ̀, ó ń ti ètè rẹ̀ láti inú. Orúkọ ọkọ rẹ̀ lára ògiri! Ohun tó ti ń bẹ Ọlọ́run fún láti ọjọ́ yìí wá! Ẹnu rẹ̀ là.

Ọwọ́ rẹ̀ ló gbà á. Ọwọ́ aránṣọ, tó ti mọ ohun tó ń ṣe kí orí tó mọ̀, bu píìnì ẹ̀kúnwọ́ nínú agolo, ó há wọn sáàárín ètè bó ṣe máa ń ṣe tó bá fẹ́ gé aṣọ. Ó gbé eyín lé wọn. Ẹ̀jẹ̀ jò sí àgbọ̀n rẹ̀. Ó tẹ àwọ̀lékè oníbàárà kan sórí tábìlì, ó ń gún un ní píìnì, ó sì ń mi orí sí àlejò rẹ̀, bí ẹni tí iṣẹ́ wọ̀ lọ́rùn.

Ẹ̀rín kúrò lójú Christopher.

"Títí di ìgbà wo lo máa há irin sẹ́nu, ìyàwó? O máa jẹun. O máa sùn. O máa lá àlá. Èèyàn a máa sọ̀rọ̀ lójú àlá." Ó dìde, ó pa léèsì rẹ̀ mọ́. Ní ẹnu ọ̀nà ó yíjú padà. "Ìyá rẹ mà kọ́ ọ lẹ́kọ̀ọ́ ilé jù o!"

Salome kò sùn títí Àbámẹ́ta fi mọ́. Aṣọ ló fi di ẹnu ara rẹ̀. Ó jókòó ti ọkọ rẹ̀, ó ń fi ìka tọ ojú rẹ̀ bí ẹni ń tọ bátánì aṣọ: ilà kékeré ẹ̀gbẹ́ ojú, àpá eyín ejò lọ́wọ́ òsì, ibi tí irun ti ń já. Bí ẹni ń kó ẹrù ilé tó ń jóná ló ṣe ń wò ó. Ó sì mọ̀ pé kò sí èyí tóun máa gbé jáde níbẹ̀.

*

Àwọn apẹja ti ń padà nígbà tí wọ́n dé ojú omi. Ọ̀kan nínú wọn fi ọkọ̀ gbé wọn dé ibi tí omi méjèèjì ti ń sáré lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ọ̀kan bí tíì onímílíìkì, èkejì bí aró ìsàlẹ̀ ìkòkò. Salome tú téèpù ọrùn rẹ̀, ó so ọwọ́ ọkọ rẹ̀ mọ́ tirẹ̀, nítorí pé àwọn èèyàn ti ń kọlu ọkùnrin náà ní gbangba bí ẹni pé afẹ́fẹ́ lásán ni.

"Ẹ tẹ́tí o, Bàbá Goodness. Tí mo bá bu omi yìí, mi ò ní í lè bá yín sọ̀rọ̀ mọ́."

"Títí di ìgbà wo?"

Salome wo ojú rẹ̀. "Ẹ ṣáà má já ọwọ́ yín kúrò lọ́wọ́ mi. Ẹ jọ̀ọ́, ọkọ mi. Ohun yòówù kí ẹ rí."

Ó tẹ̀ ba, ó bu omi.

Kẹ̀kẹ́ gbé wọn lọ sí Adankolo. Awakọ̀ ń bá a sọ̀rọ̀, kò dáhùn. "Mama, you no dey hear?" Kò dáhùn. Bọ́m̀pù ojú títì ń gbọ̀n omi náà lẹ́nu rẹ̀, eyín ń dùn ún, itọ́ ń kún un. Ẹnì kan tí wọ́n jọ ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì kí i ní ẹnu géètì. Ó kúnlẹ̀, ó dìde, kò sọ nǹkan kan. "Ìyá Goodness ti di ẹni ńlá o! A ò tó kí mọ́!" Ọ̀rọ̀ náà gún un ju píìnì lọ. Ó ń lọ.

Níwájú ilé, abẹ́ kánópì, èèyàn kún. Ó gba ẹ̀gbẹ́ ògiri. Igi máńgòrò nìyí. Àgbá dúdú nìyí.

Christopher sì wà láàárín òun àti àgbá.

"Mo ti ń retí rẹ." Agbádá funfun wà lọ́rùn rẹ̀. "Wọn ò sọ gbogbo rẹ̀ fún ọ ni? Bí o bá pè é síbí, o ò ní í mọ̀ ọ́n mọ́. Ìwọ á di opó, ọkọ rẹ á sì wà láàyè. Gbé omi yẹn mì, Salome. Mú un lọ sílé. Jẹ́ kí ayé gbàgbé rẹ̀, kí ìwọ nìkan ni ín. Ṣé kì í ṣe ohun tí ìfẹ́ ń wá nìyẹn?"

Ẹ̀yin tí ẹ ti nífẹ̀ẹ́ rí, ẹ má dá a lẹ́jọ́. Ẹsẹ̀ Salome kọ̀, kò lè lọ síwájú. Ó fẹ́ gbà. Ó kù díẹ̀ kó gbé omi náà mì. Òun nìkan á ni ín, nínú yàrá kan, títí ikú.

Téèpù mì lọ́wọ́ rẹ̀.

"Mà," ni ọkọ rẹ̀ wí lẹ́yìn rẹ̀, pẹ̀lú ọ̀wọ̀, bí ẹni ń bá àjèjì sọ̀rọ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, Mà, ilé ta nibí? Mo fẹ́ máa lọ sódò."

Salome yíjú. Ojú tó ń wò ó kò mọ̀ ọ́n mọ́.

Nígbà náà ló yé e pé àwọn méjèèjì kò lè rántí pa pọ̀ mọ́. Ọ̀kan gbọ́dọ̀ gbàgbé. Èyí tó kù ni láti mọ ẹni náà.

Ó fi èjìká kọlu Christopher, ó fa ọkọ rẹ̀ dé etí àgbá, ó sì tu omi odò méjèèjì sójú omi. Omi náà hó. Ẹja yọ orí, ẹnu rẹ̀ là fàà, inú rẹ̀ dúdú bí kànga.

"Nehemiah!"

Ohùn rẹ̀ kò mọ̀ ọ́n tẹ́lẹ̀. Bí omidan ló ṣe pè é, bí aya tuntun níwájú pẹpẹ.

"Nehemiah! Nehemiah Àlàbí! Olólùfẹ́ mi, ọkọ mi, Nehemiah!"

Ẹja náà fò sókè, ó jálẹ̀, ó bì. Ohun tó jáde kò ní àwọ̀. Afẹ́fẹ́ kan fẹ́ lu gbogbo kánópì níwájú ilé. Láàárín àwọn àlejò, àgbẹ̀ arúgbó kan dìde lórí ẹsẹ̀ tó ti dúdú rí. "Nehemiah!" ni Sàláhúdéènì ké. "Nehemiah dà? Òun ló wò mí sàn! Mo purọ́ ní rédíò, ẹ̀yin èèyàn!" Orúkọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í ti ẹnu kan fò sí èkejì, bí iná oko. Goodness, tó bá ọ̀gá rẹ̀ wá síbi ayẹyẹ, sáré yọ lẹ́yìn ògiri, ó ń ké, "Daddy! Daddy mi!"

Wọ́n na ẹ̀rọ gbohùngbohùn sí Christopher pé kó wá sọ tẹnu rẹ̀, kó kọ́kọ́ sọ orúkọ rẹ̀ fún àwọn tó ń gbọ́ rédíò. Ó la ẹnu. Ó pa á dé. Ó tún là á. Títí wọ́n fi mú un lọ sílé, bẹ́ẹ̀ ló ń ṣe.

Nehemiah ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín. "O pè é! Salome mi, o pè é! Mo gbọ́!"

Obìnrin náà wò ó. Ó wo ọwọ́ wọn méjèèjì. Ó rọra sún sẹ́yìn.

"Ẹ jọ̀ọ́, sà," ló wí. "Kí ló dé tí téèpù mi fi wà lọ́wọ́ yín?"

*

Orúkọ tuntun ti wà lára ògiri ilé yẹn báyìí, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì ń ya fọ́tò níwájú rẹ̀. Dókítà Nehemiah Àlàbí. Ibi tí Christopher wà, kò sẹ́ni tó rántí bèèrè. Ọkọ Salome háyà yàrá kan sí òdìkejì ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, nítorí pé obìnrin náà kò lè sun ilé kan pẹ̀lú ọkùnrin tí kò mọ̀.

Òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ dá lọ́jọ́ kan nígbà tí ọkùnrin náà wọ ṣọ́ọ̀bù, kóòtù funfun àtijọ́ kan lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ti fà ya létí àpò. Òun fúnra rẹ̀ ló fà á ya, bó ṣe fa apá rẹ̀ ya lọ́sẹ̀ tó kọjá.

"Ẹ káàbọ̀, sà. Kóòtù yìí náà ni?" Salome rẹ́rìn-ín. "Ìṣó ilé yín pọ̀ o. Ẹ jọ̀ọ́, oníbàárà pọ̀, mo máa ń gbàgbé. Kí ni orúkọ yín, kí n kọ ọ́ sínú kọ́là?"

"Nehemiah."

Ó fi ṣọ́ọ̀kì kọ ọ́. Ọkùnrin náà dúró, ó ń wo ọwọ́ rẹ̀.

"Ẹ pè é kí n gbọ́, Mà," ló wí wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, "kí n mọ̀ bóyá ẹ kọ ọ́ dáadáa."

"Nehemiah," ni Salome wí, ó ti ń na ọwọ́ sí aṣọ mìíràn. "Nehemiah, Nehemiah. Àbí kò dáa bẹ́ẹ̀?"

Ojú kò tì í rárá.